Ọ̀ṣọ́ Kọ́ ni Ìmúra: Èdè-Ìperí fún Iṣẹ́ Ìrísí nínú Sinimá Àdáṣe

1.0 Ìfáàrà

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Òwe yìí bá iṣẹ́ èdè-ìperí mu gan-an. Bí ẹni tí ń wá orúkọ fún nǹkan tuntun kò bá kọ́kọ́ wo ilé nǹkan náà, ìyẹn ni pé kí ó mọ iṣẹ́ tí nǹkan náà ń ṣe àti àwọn ohun tí ó ń bá gbé pọ̀, orúkọ tí kò ní mọ́ ọn lára ni yóò sọ ọ́.

Irú ìṣòro yìí wà nínú iṣẹ́ àwọn tí ń pinnu bí ibi tí eré inú sinimá ti wáyé yóò ṣe rí lójú òǹwòran. Gẹ̀ẹ́sì pe iṣẹ́ náà lápapọ̀ ní 'production design', ó sì pe apá pàtàkì kan nínú rẹ̀ ní 'set decoration'. Ìtumọ̀ tí ó máa ń kọ́kọ́ sọ sí ògbufọ̀ lọ́kàn fún èkejì yìí ni 'ṣíṣe ibi eré lọ́ṣọ̀ọ́'. Kò sí ọ̀rọ̀ kan nínú ìtumọ̀ yìí tí kì í ṣe Yorùbá, síbẹ̀ àṣìtumọ̀ ni. Ohun tí bébà yìí dá lé ni ìdí tí ó fi jẹ́ àṣìtumọ̀, àkóbá tí ó lè ṣe, àti àwọn èdè-ìperí tí ó yẹ kí ó rọ́pò rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ náà kò kan ògbufọ̀ nìkan. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ń ṣe àtúpalẹ̀ fíìmù Yorùbá ti ní ọ̀rọ̀ tí ó lè fi sọ̀rọ̀ nípa ìtàn, ẹ̀dá-ìtàn àti ìlò èdè, nítorí pé lítíréṣọ̀ ti pèsè wọn sílẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ó bá kan ohun tí ojú rí nínú fíìmù náà, bí ògiri, àga, àwo, fìtílà àti àwọ̀ aṣọ títa, kíá ni yóò yà sí èdè Gẹ̀ẹ́sì, tàbí kí ó kọ ọ́ pé 'wọ́n ṣe ibẹ̀ lọ́ṣọ̀ọ́ dáadáa', kí ó sì kọjá lọ. Bí ó bá kọjá lọ bẹ́ẹ̀, ìdajì fíìmù ni ó kà.

2.0 Bí iṣẹ́ náà ti rí

2.1 Ìpilẹ̀ṣẹ̀ orúkọ rẹ̀ ní Gẹ̀ẹ́sì

Ní ọdún 1939 ni fíìmù Gone with the Wind jáde ní Amẹ́ríkà. David O. Selznick, ẹni tí ó gbé fíìmù náà jáde, rí i pé iṣẹ́ tí William Cameron Menzies ṣe nínú rẹ̀ kọjá ti ẹni tí ó kàn ya àwòrán ilé fún káfíńtà. Menzies ti fi ọwọ́ ya bí àwọn ìran fíìmù náà yóò ṣe rí sórí bébà kí kámẹ́rà tó dé ibẹ̀. Ó sì lọ́wọ́ nínú àwọ̀ àti nínú bí àwọn ohun tí yóò hàn nínú ìran ṣe tò sí ara wọn. Orúkọ iṣẹ́ tí ó wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀ kò gba gbogbo èyí, nítorí náà ni Selznick ṣe fún un ní orúkọ tuntun. Síbẹ̀, ọdún 2012 ni àwọn tí ń fúnni ní ẹ̀bùn Oscar tó fi 'production design' rọ́pò 'art direction' tí wọ́n ń pe ẹ̀bùn iṣẹ́ yìí tẹ́lẹ̀. Ẹ̀bùn kan náà yìí ni aṣètò iṣẹ́ náà àti ẹni tí ó kó ohun sínú ibi eré jọ ń gbà. Bí èdè Gẹ̀ẹ́sì, tí iṣẹ́ náà ti bẹ̀rẹ̀ nínú rẹ̀, bá lo ọdún 73 kí orúkọ yìí tó fìdí múlẹ̀ dé ibẹ̀, kò yẹ kí ìtumọ̀ àkọ́sọsọ́kàn tó fún Yorùbá.

2.2 Sinimá àdáṣe

Kí ó tó kan èdè-ìperí gan-an, ó yẹ kí irú sinimá tí ọ̀rọ̀ yìí dá lé yé òǹkàwé. Ìyẹn ni èyí tí ẹnì kan tàbí ẹgbẹ́ kékeré ṣe láìsí lábẹ́ àwọn ilé-iṣẹ́ sinimá ńláńlá. Àwọn kan lè fẹ́ pè é ní 'sinimá olómìnira', ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ òṣèlú ni òmìnira jẹ́: orílẹ̀-èdè ní í gbà á, ẹrú náà a sì máa gbà á. 'Àdáṣe' sàn jù, nítorí pé ohun tí ó ṣẹlẹ̀ gan-an ni ó sọ: ẹni náà dá a ṣe. Fíìmù Yorùbá kò ṣe àjèjì sí ọ̀nà yìí. Láti ìgbà Àjàní Ògún ní àárín ọdún àwọn 1970, ọ̀pọ̀ nínú àwọn tí ó gbé fíìmù Yorùbá jáde ni ó jẹ́ pé àwọn fúnra wọn ni wọ́n ń wá owó, tí wọ́n sì ń wá ilé tí wọn yóò lò.

Ilé-iṣẹ́ sinimá ńlá ní àká tí àga àti àwo ìgbà gbogbo kún inú rẹ̀, ó sì ní káfíńtà àti akunlé tirẹ̀. Aṣe-sinimá-àdáṣe kò ní ìkankan. Nítorí náà, ohun tí ó bá rí yá ni yóò pinnu púpọ̀ nínú ohun tí yóò ṣe. Àpẹẹrẹ kan ni fíìmù Clerks tí Kevin Smith gbé jáde ní ọdún 1994. Nǹkan bí dọ́là 27,575 ni ó fi ya fíìmù náà. Ṣọ́ọ̀bù tí òun fúnra rẹ̀ ti ń tajà ní Leonardo, ní ìpínlẹ̀ New Jersey, ni ó lò. Ọjà ń lọ níbẹ̀ lójú ọ̀sán, òru nìkan ni wọ́n sì lè ya fíìmù, bẹ́ẹ̀ ojú ọ̀sán ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀. Smith wá fi kún ìtàn rẹ̀ pé ẹnì kan ti ki ṣingọ́ọ̀mù bọ ojú kọ́kọ́rọ́, tí ìlẹ̀kùn onírin tí ó bo fèrèsé kò fi ṣeé ṣí. Báyìí ni òkùnkùn ìta kò ṣe hàn sí òǹwòran. Ibi tí wọ́n yá ni ó bá wọn kọ apá kan nínú ìtàn yẹn.

3.0 Ìdí tí 'ọ̀ṣọ́' kò fi bá a mu

Nínú èdè Yorùbá, ohun méjì ni ó so mọ́ ọ̀ṣọ́. Èkíní ni ẹwà: ìyàwó ń ṣe ọ̀ṣọ́, wọ́n ń fi ọ̀ṣọ́ sí ara ẹṣin ọba. Èkejì ni àfikún: ohun tí wọ́n ṣe lọ́ṣọ̀ọ́ ti wà ní pípé kí ọ̀ṣọ́ tó dé, bí wọ́n bá sì bọ́ ọ̀ṣọ́ náà sílẹ̀, nǹkan ọ̀hún ṣì jẹ́ ara rẹ̀. Kò sí ọ̀kan nínú méjèèjì yìí tí ó jẹ́ òdodo nípa iṣẹ́ tí à ń sọ yìí.

Ẹ̀rí fún èkíní kò jìnnà. Bí ìran kan bá ṣẹlẹ̀ nínú yàrá olùkọ́ tí kò gba owó oṣù láti ìgbà pípẹ́, iṣẹ́ ẹni tí ó tọ́jú yàrá náà ni kí ògiri rẹ̀ ṣá, kí ẹsẹ̀ àga kan kán kí wọ́n sì fi okùn dì í, kí ìwé kún orí ilẹ̀. Ẹni tí wọ́n bá sọ fún pé kí ó lọ ṣe ibẹ̀ lọ́ṣọ̀ọ́ yóò gbálẹ̀, yóò kun ògiri ní ọ̀dà, yóò gbé òdòdó sórí tábìlì, yóò sì ti ba ìran náà jẹ́. Kì í ṣe pé ẹni náà kò gbọ́n. Orúkọ tí wọ́n fún iṣẹ́ rẹ̀ ni ó ṣì í lọ́nà. Orúkọ ọmọ ní í ro ọmọ.

Ní ti èkejì, fíìmù Daughters of the Dust tí Julie Dash gbé jáde ní ọdún 1991 ni ẹlẹ́rìí. Nǹkan bí dọ́là 800,000 ni wọ́n fi ṣe é, owó kékeré fún irú fíìmù bẹ́ẹ̀ ní Amẹ́ríkà. Kerry James Marshall, ayàwòrán tí òkìkí rẹ̀ kàn gidigidi lẹ́yìn náà, ni ó ṣètò bí ibi eré ṣe rí. Ìtàn náà dá lé ìdílé Peazant, àwọn Gullah tí wọ́n jẹ́ àtọmọdọ́mọ àwọn ẹrú láti Áfíríkà, ní erékùṣù kan ní etíkun gúúsù Amẹ́ríkà ní ọdún 1902, nígbà tí ọ̀pọ̀ nínú wọn ń gbaradì láti ṣí lọ sí àríwá.

Nínú fíìmù yìí, àwọ̀ aró ṣì wà ní ọwọ́ àwọn àgbà tí wọ́n ti ṣiṣẹ́ níbi ìrẹ aró nígbà oko ẹrú. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ti rí ọwọ́ alaró ní Abẹ́òkúta tàbí ní Òṣogbo yóò bi í léèrè pé ǹjẹ́ aró lè pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́ ènìyàn. Kò lè pẹ́ tó bẹ́ẹ̀, Dash pàápàá sì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ó mọ̀ọ́mọ̀ yan aró ni, kí ó lè jẹ́ àpá oko ẹrú tuntun lójú òǹwòran, dípò àpá ẹgba tí ojú ti mọ́ jù. Bí wọ́n bá nu aró yẹn kúrò, kì í ṣe ọ̀ṣọ́ ni wọ́n bọ́ sílẹ̀. Ìtàn ogójì ọdún ni wọ́n nù dànù.

Igi kan tún wà nínú fíìmù náà tí wọ́n fi ìgò kọ́ sí ẹ̀ka rẹ̀ láti dáàbò bo ilé. Yorùbá tí ó bá mọ ààlè kò ní ṣòro fún láti mọ̀ pé ohun tí wọ́n so kọ́ lè máà jẹ́ fún ẹwà rárá. Kò sí ẹni tí í pe ààlè ní ọ̀ṣọ́ oko. Nígbà tí ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀dá-ìtàn náà gbé igi tí ó sì ń fọ́ àwọn ìgò náà, òǹwòran mọ̀ pé ìgbàgbọ́ kan ni ó ń fọ́.

4.0 Àwọn èdè-ìperí tí a dábàá

4.1 Ìrísí. Yorùbá ní ìrínisí ni ìsọnilọ́jọ̀. Ojú tí ń wo nǹkan wà nínú ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ yìí: bí nǹkan ti rí sí ẹni tí ń wò ó ni ìrísí rẹ̀. Èyí gan-an ni iṣẹ́ tí Menzies ṣe. Nítorí náà, ìṣètò-ìrísí ni orúkọ iṣẹ́ náà lápapọ̀, aṣètò-ìrísí sì ni ẹni tí ń ṣe é. 'Iṣẹ́ ọnà' kò tó, nítorí pé ojú nǹkan ni wọ́n ń fín ọnà sí. Àbùkù tí ó wà lára ọ̀ṣọ́ wà lára òun náà. Ẹni tí ó ń mú ètò aṣètò-ìrísí ṣẹ lọ́dọ̀ àwọn káfíńtà àti akunlé ni alábòójútó ìrísí.

4.2 Ibùdó. Ibùdó ìtàn ti wà nínú ẹ̀kọ́ lítíréṣọ̀ fún ibi àti àkókò tí ìtàn ti ṣẹlẹ̀. Ó yẹ kí ó dúró bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ibi tí àwọn òṣèré dúró sí níwájú kámẹ́rà kì í sábà jẹ́ ibẹ̀ gan-an. Èyí ni ibùdó eré. Oríṣi méjì ni ó pín sí, ẹ̀kọ́ gírámà sì ti fún wa ní ọ̀rọ̀ tí yóò yà wọ́n sọ́tọ̀. Bí ọ̀rọ̀ àyálò ti wà, bẹ́ẹ̀ ni ibùdó àyálò wà: ilé, ọjà tàbí ojú ọ̀nà tí ó ti wà tẹ́lẹ̀, tí wọ́n yá lò, bíi ṣọ́ọ̀bù inú Clerks. Bí ọ̀rọ̀ àṣẹ̀dá sì ti wà, bẹ́ẹ̀ ni ibùdó àṣẹ̀dá wà: èyí tí wọ́n kọ́ nítorí fíìmù nìkan, bíi Ọ̀yọ́ àtijọ́ tí Kunle Afolayan kọ́ sí Ìgbòjayè fún Aníkúlápó tí ó jáde ní 2022. Kì í ṣe olówó nìkan ní í ní ibùdó àṣẹ̀dá. Ilé ẹṣin tí kò sí ẹṣin nínú rẹ̀ mọ́ ni David Lynch kọ́ èyí tí ó pọ̀ jù nínú ibùdó Eraserhead (1977) sí. Ó sì gbà á tó ọdún márùn-ún kí ó tó parí fíìmù náà.

4.3 Ìmúra. Èyí ni ó gba ipò 'ọ̀ṣọ́'. Ènìyàn lè múra lọ síbi ìgbéyàwó, ó lè múra oko, ó sì lè múra ọ̀fọ̀. Ohun tí ó bá ibi tí ń lọ mu ni ó ń wò, yálà ó lẹ́wà tàbí kò lẹ́wà. Ẹni tí ó wọ aṣọ oko tí ó ti ya ti múra, bẹ́ẹ̀ kò ṣe ọ̀ṣọ́. Ìmúra ibùdó ni, nígbà náà, kíkó ohun tí ó yẹ ibùdó eré sínú rẹ̀ àti kíkó ohun tí kò yẹ ẹ́ kúrò.

Ó ku ẹni tí ń ṣe é. Àfòmọ́ ìbẹ̀rẹ̀ a- tàbí olù- kò ní ṣe é lo dáadáa níhìn-ín, nítorí pé ọ̀rọ̀-ìṣe 'múra' ti ní àbọ̀ rẹ̀, 'ara', nínú. *Amúra ibùdó yóò máa dún bí ẹni tí òun fúnra rẹ̀ ń wọṣọ. Oní- ni ó bá a mu: onímúra ibùdó, ẹni tí ìmúra ibùdó wà ní ìkáwọ́ rẹ̀.

4.4 Ohun àmúlò. Ife tí ó wà lórí pẹpẹ jẹ́ ara ìmúra ibùdó. Ní kété tí òṣèré bá na ọwọ́ gbé e mu omi, ó ti di ohun àmúlò. Ìyàtọ̀ yìí kì í ṣe ti orí bébà lásán, nítorí pé ẹni tí ń tọ́jú ohun àmúlò máa ń yàtọ̀ sí onímúra ibùdó níbi tí owó bá wà. Ohun àmúlò a sì máa gbé ìtàn ró. Nínú Ṣaworoidẹ, fíìmù tí Túndé Kèlání gbé jáde ní 1999, tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ ìtàn rẹ̀, ìlù kan àti adé kan ni ó di ẹ̀mí ọba mú. Bí wọ́n bá yọ ìlù yẹn kúrò, kò sí ìtàn.

4.5 Ìsọdàtijọ́. Gẹ́gẹ́ bí ìsọdorúkọ ti jẹ́ sísọ ọ̀rọ̀-ìṣe di ọ̀rọ̀-orúkọ, bẹ́ẹ̀ ni ìsọdàtijọ́ jẹ́ sísọ ohun tuntun di ohun tí ó ti gbó lójú. Wọ́n lè rẹ bébà sínú omi tíì kí ó pọ́n, wọ́n lè fi páálí iyanrìn pa ojú igi, wọ́n sì lè fi èéfín kun àjà ilé ìdáná.

4.6 Ìbáramu. Bí ìtàn ti tò kọ́ ni wọ́n ṣe ń ya fíìmù. Òpin ìran kan lè di yíyà lónìí, kí ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ di ọ̀la. Bí àbẹ́là bá ti jó dé ìdajì nínú èyí tí wọ́n yà lónìí, kò gbọdọ̀ kúrú ju bẹ́ẹ̀ lọ nínú ìbẹ̀rẹ̀ tí wọn yóò yà lọ́la. Títọ́jú irú ìṣọ̀kan bẹ́ẹ̀ ni ìbáramu.

5.0 Ìdánwò àwọn èdè-ìperí náà

Kò tó kí èdè-ìperí dára létí. Ó gbọ́dọ̀ ṣeé fi ṣiṣẹ́. Fíìmù October 1 tí Kunle Afolayan gbé jáde ní 2014, tí Pat Nebo sì jẹ́ aṣètò-ìrísí rẹ̀, yóò ṣe é dánwò. Ibùdó ìtàn rẹ̀ ni ìlú kan tí wọ́n pè ní Akote, ní ìgbà tí òmìnira Nàìjíríà ń bọ̀ lọ́nà ní 1960. Kò sí Akote lórí máàpù. Ìlárá-Mọ̀kín ní ìpínlẹ̀ Oǹdó wà lára ibùdó àyálò tí wọ́n lò.

Kí ni onímúra ibùdó ní láti mọ̀ kí irú ìlú bẹ́ẹ̀ tó lè di ti 1960? Ó ní láti mọ̀ pé ọwọ́ òsì ni ọkọ̀ ń gbà ní Nàìjíríà nígbà náà, nítorí pé 1972 ni wọ́n tó bọ́ sí ọwọ́ ọ̀tún. Ó ní láti mọ̀ pé pọ́n-ún àti ṣílè ni ohun àmúlò nínú ìran ọjà, nítorí pé 1973 ni náírà dé. Tẹlifíṣọ̀n ti bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1959, nítorí náà ó lè wà ní ilé olówó, ṣùgbọ́n bí ó bá wà ní ilé àgbẹ̀, òǹwòran yóò béèrè ibi tí ó ti rí i. Ó sì ní láti wo òkè: kò gbọdọ̀ sí òpó tẹlifóònù alágbèéká tàbí abọ́ sátẹ́láìtì lórí òrùlé, nítorí pé ìgbà tí ó pẹ́ lẹ́yìn èyí ni wọ́n dé.

Ibi òpó àti abọ́ yìí gan-an ni 'ọ̀ṣọ́' ti ṣubú pátápátá. Kò sí bí ènìyàn ṣe lè fi yíyọ nǹkan kúrò ṣe ọ̀ṣọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tí ń múra lè bọ́ aago ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀ nítorí ibi tí ó ń lọ. Ara ìmúra ni.

6.0 Àwọn àtakò tí ó lè wáyé

Àwọn kan lè sọ pé àwọn tí ń ṣe iṣẹ́ náà ti ń pe ibùdó eré ní 'sẹ́ẹ̀tì', pé kò sì sí ìdí láti dààmú. Òótọ́ ni pé wọ́n ń pè é bẹ́ẹ̀, kò sì sí ẹni tí ó yẹ kí ó gba ọ̀rọ̀ náà lẹ́nu wọn. Ṣùgbọ́n 'sẹ́ẹ̀tì' kò lè bí ọmọ nínú èdè Yorùbá. Kò lè fi ìbátan tí ó wà láàárín ibùdó ìtàn, ibùdó àyálò àti ibùdó àṣẹ̀dá han akẹ́kọ̀ọ́, bẹ́ẹ̀ ìbátan yẹn ni ẹ̀kọ́.

Àwọn mìíràn lè sọ pé ìmúra tún túmọ̀ sí ìgbaradì, pé ó lè da òǹkàwé rú. Ọ̀rọ̀ tí ó yán an, 'ibùdó', ni yóò mú ìyẹn kúrò. Bí wọ́n bá tilẹ̀ ní kí ìtumọ̀ méjèèjì wà níbẹ̀, kò bàjẹ́: ibùdó tí kò tí ì múra kò tí ì gbaradì fún kámẹ́rà.

Àtakò tí ó wúwo jù ni pé nínú sinimá àdáṣe, ẹnì kan ṣoṣo ni ó máa ń ṣe gbogbo iṣẹ́ yìí pọ̀, pé orúkọ rẹpẹtẹ kò wúlò. Òdì kejì rẹ̀ ni òótọ́. Ẹni tí ó ru ẹrù mẹ́rin lórí kò lè gba owó ẹrù mẹ́rin bí ẹrù kọ̀ọ̀kan kò bá ní orúkọ. Níwọ̀n ìgbà tí gbogbo rẹ̀ bá ń jẹ́ 'ọ̀ṣọ́', àfikún ni àwọn tí ń náwó yóò máa kà á sí, òun ni wọn yóò sì kọ́kọ́ gé kúrò bí owó bá dínkù.

7.0 Àgbálọgbábọ̀

Èyí ni àwọn èdè-ìperí tí bébà yìí dábàá, ní ṣókí:

ìṣètò-ìrísí: ìpinnu bí gbogbo ohun tí yóò hàn nínú fíìmù yóò ṣe rí;
aṣètò-ìrísí: ẹni tí ń ṣe ìpinnu náà pẹ̀lú olùdarí eré;
alábòójútó ìrísí: ẹni tí ń mú un ṣẹ;
ibùdó ìtàn: ibi àti àkókò tí ìtàn ti ṣẹlẹ̀;
ibùdó eré: ibi tí wọ́n ti ya ìran; ó lè jẹ́ àyálò, ó lè jẹ́ àṣẹ̀dá;
ìmúra ibùdó: kíkó ohun tí ó yẹ sínú ibùdó eré àti kíkó èyí tí kò yẹ kúrò;
onímúra ibùdó: ẹni tí èyí wà ní ìkáwọ́ rẹ̀;
ohun àmúlò: ohun tí òṣèré fi ọwọ́ lò nínú ìran;
ìsọdàtijọ́: sísọ ohun tuntun di èyí tí ó gbó lójú;
ìbáramu: ìṣọ̀kan ohun tí ó hàn láti ìran dé ìran;
sinimá àdáṣe: fíìmù tí kò sí lábẹ́ ilé-iṣẹ́ sinimá ńlá.

Ibi méjì ni ó yẹ kí wọ́n ti kọ́kọ́ bọ́ sí lílò. Èkíní ni kíláàsì, níbi tí olùkọ́ ti lè fún akẹ́kọ̀ọ́ ní ìran kan ṣoṣo, kí ó sì ní kí wọ́n ya ìmúra ibùdó inú rẹ̀ sọ́tọ̀ kúrò lára ohun àmúlò. Èkejì ni òpin fíìmù Yorùbá fúnra rẹ̀, níbi tí orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ ti ń kọjá lójú òǹwòran. Bí 'onímúra ibùdó' bá wà níbẹ̀ pẹ̀lú orúkọ ẹni tí ó ṣe é, òǹwòran yóò mọ̀ pé ẹnì kan ni ó dá àga náà lẹ́sẹ̀, tí ó sì fi okùn dì í.